Ẹni Tó Ni Ẹsẹ̀ Ni Kó Kọ́kọ́ Gbọ́

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ ṣọ́ọ̀ṣì wa, ẹ ti yọ mí lẹ́nu tó. Gbogbo Sọ́ńdè tí a bá ti jáde ìsìn, bí mo bá ṣe ń wá igun kan tí mo máa jókòó sí jẹ ìrẹsì mi báyìí, ọ̀kan nínú yín á ti dé ẹ̀gbẹ́ mi. "Grandpa Biscuit, ṣé lóòótọ́ ni pé ẹ máa ń gé ẹsẹ̀ èèyàn?" Òmíràn á ní òun fẹ́ ṣe dókítà, àmọ́ kọ̀ǹpútà ni ìyá òun ń fẹ́. Òmíràn á ní òun fẹ́ wọ iṣẹ́ sójà, bàbá òun ò sì gbọdọ̀ gbọ́. Ó dáa, mo ti gbọ́. Ẹ jókòó kí n sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, kí ẹ lè jẹ́ kí n máa jẹ ìrẹsì mi ní àlàáfíà.

Dókítà oníṣẹ́ abẹ ni mí nínú iṣẹ́ ológun Nàìjíríà, láti ìgbà tí irun orí mi ṣì dúdú kirikiri títí tó fi funfun báyìí. Wọ́n fún mi ní àmì ẹ̀yẹ kan. Ó wà nínú dúrọ́ọ̀ tí mo ń kó ìbọ̀sẹ̀ sí, ní ilé ọmọ mi ní Duluth, ìlú òyìnbó tí a wà yìí. Àmọ́ kì í ṣe àmì ẹ̀yẹ ló mú mi sọ èyí. Ohun tó fà á ni pé lọ́dún yìí, èmi tí mo ti gé apá àti ẹsẹ̀ àwọn ẹlòmíràn, wọ́n ní ó ṣeé ṣe kí wọ́n gé apá ọ̀tún tèmi náà. Gbogbo ẹbí mi ló mọ̀ ọ́n. Èmi nìkan ni mi ò mọ̀. Inú bí mi! Inú ti rọ̀ báyìí, ara sì ti balẹ̀, ìyẹn ni mo fi lè jókòó sọ ọ́. Ṣùgbọ́n ìdí tí inú fi bí mi tó bẹ́ẹ̀ ò lè yé yín láìjẹ́ pé ẹ mọ ọ̀gá mi.

Bí mo ṣe wọṣẹ́ ò gùn rárá. Mo parí ẹ̀kọ́ ìṣègùn, àwọn ológun ń wá dókítà, bàbá mi ní kí n má lọ, mo lọ. Owó oṣù ńkọ́? Ó tó jẹun, kò tó fọ́nnu. Ẹ jẹ́ ká máa lọ.

Kọ́nẹ́ẹ̀lì Adérẹ̀mí ni orúkọ ọ̀gá mi. Èèyàn kúkúrú ni wọ́n, ohùn wọn ò sì ròkè rí. Àwọn ọ̀gá ológun yòókù á máa pariwo kiri bàrékè, àmọ́ tí Ọ̀gá bá kàn wojú èèyàn tí wọ́n ní "Dókítà" jẹ́jẹ́ báyìí, èèyàn á ti nàró ṣánṣán. Ọjọ́ tí mo kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ wọn, mo rò pé wọ́n á fún mi ní ọ̀bẹ. Òwú àti agolo mílíìkì òfìfo ni wọ́n fún mi. Inú agolo yẹn ni kí n ti máa ta kókó, bí oníṣẹ́ abẹ ṣe ń ta á nínú ikùn èèyàn, ọwọ́ òsì nìkan ni kí n fi ta á, ìka mi ò sì gbọdọ̀ kan etí agolo. Mo ta kókó nígbà tí mo ń jẹun. Mo ta kókó nígbà tí mo ń dẹnu ìfẹ́ kọ ìyá Bùsọ́lá. Ìyàwó mi yìí sọ fún mi lẹ́yìn ìgbéyàwó pé òun kọ́kọ́ rò pé orí mi ò pé.

Ẹ̀yin tí ẹ ń rí gbogbo nǹkan nínú ọ̀rá, tí wọ́n á já a, tí wọ́n á lò ó, tí wọ́n á sọ ọ́ nù, ẹ gbọ́ bí tiwa ṣe rí. Ìkòkò ni a fi ń se irin iṣẹ́ wa, lórí sítóòfù kẹrosíìnì. Abẹ́rẹ́ tí a bá fi gún ẹnì kan lónìí, a ó fọ̀ ọ́, a ó pọ́n ẹnu rẹ̀ lórí òkúta, a ó sè é, a ó sì tún fi gún ẹlòmíràn lọ́la. Mo rí i pé ẹ ti ń fajú ro. Ẹ má fajú ro o, abẹ́rẹ́ yẹn náà ni wọ́n fi gún àwọn bàbá yín. Ayùn tí a fi ń gé eegun ò yàtọ̀ púpọ̀ sí ti káfíńtà. Bí iná bá lọ, ẹnì kan á di iná tọ́ọ̀ṣì mú sókè orí wa, a ó sì máa bẹ̀ ẹ́ pé kó má sín.

Ọjọ́ àkọ́kọ́ tí wọ́n ní kí n wọ yàrá iṣẹ́ abẹ, mo fọ ọwọ́ mi títí dé ìgbọ̀nwọ́, mo fi búrọ́ọ̀ṣì gbo ó títí ó fi pọ́n. Wọ́n wọ aṣọ tí a ti sè fún mi, wọ́n wọ ìbọ̀wọ́ fún mi, mo gbé ọwọ́ méjèèjì sókè kí wọ́n má baà kan ohunkóhun. Bí mo ṣe dúró báyìí ni Ọ̀gá wọlé. Ẹ sáà mọ ilé tí wọ́n ti tọ́ mi. Kí n tó mọ ohun tí mo ń ṣe, mo ti dọ̀bálẹ̀ gbalaja sórí sìmẹ́ńtì pẹ̀lú aṣọ àti ìbọ̀wọ́. "Ẹ káàárọ̀, sà!" Àwọn nọ́ọ̀sì kọjú sí ògiri, èjìká wọn ń gbọ̀n nítorí ẹ̀rín. Ọ̀gá wò mí nílẹ̀ níbẹ̀.

"Káàárọ̀, ọmọ dáadáa," wọ́n ní. "Dìde. Lọ fọ ọwọ́ ẹ padà látìbẹ̀rẹ̀."

Mo lọ fọ̀ ọ́. Mo padà dé, Ọ̀gá tún wò mí, orúnkún mi sì tún ń tẹ̀ díẹ̀díẹ̀ fúnra rẹ̀. Wọ́n sún mọ́ mi. "Tí o bá wá sílé mi, dọ̀bálẹ̀ bó ṣe wù ẹ́. Nínú yàrá yìí, ẹni tó wà lórí tábìlì yẹn nìkan ni àgbà."

Mo rò pé ọ̀rọ̀ ìmọ́tótó ni wọ́n ń sọ. Kò pẹ́ tí mo fi rí i pé ó jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Wọ́n gbé sójà kan wá láti Ìsẹ́yìn, ọkọ̀ ló gun ẹsẹ̀ rẹ̀ mọ́lẹ̀, wọ́n sì ti pẹ́ kí wọ́n tó gbé e wá. Ẹsẹ̀ náà ti dúdú, ó ti ń rùn. Kò sí nǹkan tí a lè ṣe sí i ju ká gé e lọ. Ọ̀gá ní kí n lọ sọ ọ́. Mo lọ lóòótọ́. Bí wọ́n ṣe tọ́ gbogbo wa ni mo ṣe é. A kì í ṣáà ju ọ̀rọ̀ búburú lu ẹni tó ni ín. Mo pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó tẹ̀lé e wá sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, mo fi ohùn jẹ́jẹ́ ṣàlàyé. Ẹ̀gbọ́n náà fi ọwọ́ nu ojú. Ó ní, "Dókítà, ẹ ṣeun. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má sọ fún un. Ẹ kàn gún un lábẹ́rẹ́ oorun. Tó bá jí, àwa ẹbí á bẹ̀ ẹ́." Lójú tèmi, ọ̀rọ̀ ọlọgbọ́n ni. Mo ń mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni nígbà tí mo gbọ́ ohùn kan lẹ́yìn mi.

"Ẹsẹ̀ ta ni?"

Ọ̀gá ni. Mo ní, "Ẹsẹ̀ àbúrò wọn ni, sà."

"Ṣé àbúrò wọn ti kú ni?"

"Rárá, sà."

"Ṣé adití ni?"

"Rárá, sà."

"Ẹni tó ni ẹsẹ̀ ni kó kọ́kọ́ gbọ́."

Wọ́n mú èmi àti ẹ̀gbọ́n náà wọlé. Wọ́n fa àpótí ìjókòó kan sún mọ́ bẹ́ẹ̀dì, wọ́n jókòó, débi pé ojú wọn àti ojú ọmọ náà dọ́gba. Wọn ò fọwọ́ gbá a léjìká. Orí ẹsẹ̀ tó ń rùn yẹn gan-an ni wọ́n gbé ọwọ́ lé. Wọ́n sọ ohun tó ṣe ẹsẹ̀ náà, wọ́n sọ ibi tí àwọn máa gé e dé, wọ́n sì pa ẹnu dé. Ẹ gbà mí o, ìdákẹ́jẹ́ yẹn! Mo ń wá ohun tí mo máa fi dí i. Mo ti fẹ́ sọ pé "Ọlọ́run á ṣe é," Ọ̀gá sì wò mí lẹ́ẹ̀kan, mo gbé e mì. Ó pẹ́ kí ọmọ náà tó sọ̀rọ̀. Ó béèrè bóyá òkè orúnkún ni àbí ìsàlẹ̀. Ó sì yíjú sí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó ń sunkún lẹ́nu ọ̀nà, ó ní, "Bọ̀dá, ó ti tó, ẹ wá jókòó." Ẹni tí wọ́n fẹ́ gé lẹ́sẹ̀ ló ń rẹ àwọn yòókù lẹ́kún.

A jáde. Ọ̀gá ní, "Ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ lẹ́yìn tí o bá sọ ọ́, tirẹ̀ ni, kì í ṣe tìẹ. Má jí i gbé. Tí o bá sì gé ohun tí ẹni tó ni ín ò mọ̀ sí, olè ni ẹ́, ibi yòówù kí wọ́n ti fún ẹ ní ìwé ẹ̀rí."

Láti ọjọ́ náà, wọn ò jẹ́ kí n sinmi. Èékánná ẹsẹ̀ Méjọ̀ kan ni mo fẹ́ yọ, Ọ̀gá ní kí n fa àpótí, kí n jókòó, kí n gbé ọwọ́ lé ọmọ ìka náà, kí n sọ ọ́, kí n dákẹ́. Méjọ̀ ń wò mí, èmi náà ń wò ó. Nígbà tó yá, ó ní, "Dókítà, ṣé o fẹ́ fẹ́ mi ni?" Ìtìjú fẹ́ pa mí. Ọ̀gá ò rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní kí n dákẹ́ sí i.

Ọ̀gá fẹ̀yìntì, wọ́n padà sílùú wọn, wọ́n sì ti kú báyìí. Lẹ́yìn wọn, nǹkan iṣẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí yí padà. Síríǹjì oníke dé, òkúta tí a fi ń pọ́n abẹ́rẹ́ di ohun tí a fi ń dá ilẹ̀kùn dúró. Òwú tó ń yọ́ fúnra rẹ̀ nínú ara dé. Àwọn dókítà tó kéré sí mi ò ta kókó nínú agolo mọ́, wọ́n sì ń fi mí ṣẹ̀fẹ̀ pé mo ń bá ògbólógbòó agolo gbé.

Ẹ wá gbọ́ nípa ọjọ́ àmì ẹ̀yẹ.

Wọ́n rán wa lọ sí orílẹ̀-èdè kan tí kò jìnnà sí tiwa, níbi tí àwọn ará ibẹ̀ ti ń bá ara wọn jà, pé ká lọ dúró sáàárín wọn. Mo ti di Méjọ̀ fúnra mi. Ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kan la sọ di ọsibítù. A so tábìlì àwọn ọmọ iléèwé pọ̀, orí rẹ̀ la ti ń ṣiṣẹ́ abẹ. Èmi nìkan ni oníṣẹ́ abẹ níbẹ̀. Oúnjẹ wa ò sí níbẹ̀ o. Láti àgọ́ ńlá ni kúùkù wa, Kọ́pùrà Ṣítù, ti máa ń fi lọ́rì gbé e wá ní àràárọ̀. Ẹ ò tíì rí irú Ṣítù rí. Ẹ̀wà tó ń sè, èèyàn lè fi bura. Àmọ́ ẹnu rẹ̀! Tí o bá ṣẹ́ oúnjẹ kù, yóò gbé àwo rẹ dání, yóò máa bi gbogbo àgọ́ pé kí ni òun fi ṣẹ̀ ẹ́. Kọmáńdà wa pàápàá ò tó bẹ́ẹ̀ láti fi oúnjẹ Ṣítù sílẹ̀.

Láàárọ̀ ọjọ́ kan, a ti jókòó, a ń retí ẹ̀wà, ni a gbọ́ ìró kan tó mi fèrèsé. Kò pẹ́ ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí gbé wọn dé. Lọ́rì Ṣítù ló gun bọ́ǹbù tí wọ́n rì mọ́ ojú ọ̀nà, àwọn sójà tó bá lọ́rì náà wá sì pọ̀ nínú rẹ̀. Orí ilẹ̀kùn tí wọ́n tú ni wọ́n gbé àwọn kan lé wá. Ojú mi rí nǹkan lọ́jọ́ yẹn. Àwọn kan kú lọ́wọ́ mi, mi ò ní purọ́ fún yín. Bí ẹ bá wọ iṣẹ́ yìí, àwọn kan á kú lọ́wọ́ yín, ẹ ó sì fọ ọwọ́, ẹ ó kọjú sí ẹni tó kàn.

Ṣítù ni ẹni tó kàn. Ó ti fi épírọ́ọ̀nù rẹ̀ di ẹsẹ̀ ọ̀tún rẹ̀ fúnra rẹ̀. Mo tú u, mo wò ó, mo sì mọ̀. Lábẹ́ orúnkún, kò ku nǹkan tó ṣeé tún ṣe. Kọmáńdà fà mí sẹ́yìn, omi dúró lójú rẹ̀. "Dókítà, má wulẹ̀ sọ fún un. Ṣítù wa nìyí. Jẹ́ kó sùn, kó má mọ̀." Ká sọ òótọ́, ó yá ju kí n máa jókòó sọ̀rọ̀ lọ. Àwọn ẹlòmíràn ń kérora ní kíláàsì kejì. Ó sì máa dùn mọ́ èmi náà láti má sọ ọ́, nítorí ta ló fẹ́ sọ irú rẹ̀ fún ẹni tó ń bọ́ ọ?

Mo wo yíká. Àga kékeré kan wà níbẹ̀, ti àwọn ọmọ kíláàsì kìíní. Mo fà á, mo jókòó sórí rẹ̀ pẹ̀lú gbogbo ara mi yìí. Mo gbé ọwọ́ lé ẹsẹ̀ náà. Mo ní, "Ṣítù, ẹsẹ̀ yìí ti bàjẹ́. Bí mo bá fi sílẹ̀, yóò pa ẹ́. Mo fẹ́ gé e níbí, lábẹ́ orúnkún." Mo pa ẹnu mi dé.

Ó wo àjà. Ó wo ọwọ́ mi. Kọmáńdà ń mí hẹ́ẹ̀hẹ́ẹ̀ lẹ́yìn mi. Mo rò pé Ṣítù máa bẹ̀ mí pé kí n má gé e, ìyẹn gan-an ni ẹ̀rù rẹ̀ ń bà mí jù.

Ó ní, "Dókítà, ṣé ẹ ti jẹun?"

Mo ní rárá.

"Báwo lẹ ṣe máa jẹun, nígbà tó jẹ́ pé oúnjẹ yín ló wà lójú títì níbẹ̀ yẹn? Ẹ ò lè fi ebi gé ẹsẹ̀ mi o. Ọwọ́ yín á máa gbọ̀n. Bísíkíìtì wà nínú àpò ṣòkòtò mi, lápá ibi tó dáa yẹn. Ẹ mú un."

Mo ki ọwọ́ bọ àpò rẹ̀, mo mú bísíkíìtì náà, ó ti rún díẹ̀. Mo jẹ ẹ́ níwájú rẹ̀. Ẹkún ń bọ́ lójú mi, mo ń jẹ bísíkíìtì. Ó ń wò mí lẹ́nu bó ṣe máa ń wo gbogbo wa nídìí àwo, títí mo fi gbé èyí tó kẹ́yìn mì. Ìgbà yẹn ló tó ní, "Ó yá." Mo lọ fọ ọwọ́ mi, a sì gé e.

Ṣítù yè é. Wọ́n ṣe ẹsẹ̀ onígi fún un, ó padà sídìí ìkòkò, ẹnu rẹ̀ ò sì dín kù rárá. Ní ti àmì ẹ̀yẹ, nítorí ọjọ́ yẹn ni wọ́n fi fún mi. Ọ̀gágun kan fi há mi láyà, wọ́n fun fèrè, wọ́n ya fọ́tò. Ṣítù ló se oúnjẹ ayẹyẹ náà. Nígbà tí mo jẹun tán, ó wá wo àwo mi. Ẹ̀yin ọmọdé ń pè mí ní Grandpa Biscuit nítorí pé mi ò lè jáde nílé láìní bísíkíìtì lápò, ẹ sì rò pé nítorí tiyín ni. Ẹ ti wá mọ̀ báyìí.

Mo fẹ̀yìntì, ìyá Bùsọ́lá ṣaláìsí, ọmọbìnrin mi yìí sì ní dandan, kí n wá máa bá òun gbé. Nọ́ọ̀sì ni Bùsọ́lá, ní ọsibítù kan ní Marietta. Ẹ mọ ọ̀nà yẹn láti Duluth. Tí shift rẹ̀ bá parí, ó lè lo wákàtí nínú gósílóò mọ́tò kó tó délé, bó bá sì délé, èmi ló kù tó máa ṣọ́. Kò gbà kí n jẹ iyọ̀. Kò gbà kí n jẹ dodo. Èmi tí mo darí ọsibítù ogun, Bùsọ́lá ló ń sọ iye ẹyin tí mo lè jẹ.

Kókó kan yọ ní apá ọ̀tún mi, lókè ọrùn ọwọ́. Mo ní ọ̀rá lásán ni. Ọjọ́ tí mo ń gbé iṣu nínú ìsọ̀ kan ní Pleasant Hill, apá aṣọ mi ká sókè, Bùsọ́lá rí i. Ó gbé iṣu náà padà sórí igbá rẹ̀, ó sì gba appointment fún mi láti ibi tí a dúró sí. Wọ́n tì mí sínú ẹ̀rọ kan báyìí, ó rí inú ẹran ara mi kedere láìsí ọ̀bẹ. Inú mi dùn sí ẹ̀rọ náà ju bó ṣe yẹ lọ. Mo ń rò pé ká ní Ọ̀gá rí èyí. Wọ́n fi abẹ́rẹ́ mú díẹ̀ nínú kókó náà lọ yẹ̀ wò. Mi kì í gbé fóònù, Bùsọ́lá ló ń gbé e fún mi, òun náà sì ni ọsibítù pè.

Láti ọjọ́ yẹn ni ilé ti yí padà. Bùsọ́lá bẹ̀rẹ̀ sí din dodo fún mi. Fẹ́mi ọkọ rẹ̀, tí a jọ máa ń jà nítorí pé mo ń yí iná ìgbóná ilé sókè, ó wá ń yí i sókè fún mi fúnra rẹ̀. Pásítọ̀ dé lọ́jọ́ Túsìdeè pẹ̀lú òróró, ó ní òun kàn ń kọjá ni. Ta ló ń kọjá ní Duluth? Àbúrò mi pè láti Abẹ́òkúta, ó ń ṣe imú fín-ín fín-ín, ó ní kò sí nǹkan kan. Ara fu mí. Mo mọ ọ̀dẹ̀dẹ̀ yẹn. Mo ti dúró síbẹ̀ rí, lọ́wọ́ kan náà pẹ̀lú ẹ̀gbọ́n sójà Ìsẹ́yìn yẹn.

Mo bá Bùsọ́lá ní kíṣìnì, ó ń din dodo. Mo ní, "Bùsọ́lá, apá ta ni?"

"Apá wo, Dádì? Infection díẹ̀ ni wọ́n ní. Wọ́n á fún yín lóògùn."

"Ṣé mo ti kú ni?"

"Háà, Dádì!"

"Ṣé mo ti di adití?"

Ó gbé ṣíbí sílẹ̀, ó bú sẹ́kún. "Ẹ má bínú, Dádì. Ẹ̀rù ló bà wá. Ọwọ́ yẹn ni gbogbo ayé yín. A ò mọ bí a ṣe fẹ́ wí i."

"Èmi á kọ́ ẹ. Fa àga. Jókòó. Gbé ọwọ́ lé e."

Ó gbé ọwọ́ lé mi léjìká. Mo mú ọwọ́ náà, mo gbé e lé orí kókó. Mo ní, "Kì í ṣe èjìká ni wọ́n kọ̀wé nípa ẹ̀. Ó yá, wí."

Ó wí i. Ó ní jẹjẹrẹ ni. Àwọn dókítà máa gbìyànjú láti yọ ọ́ nìkan, àmọ́ tó bá ti di iṣan àti ọ̀nà ẹ̀jẹ̀ mú, wọ́n á gé apá náà lókè ìgbọ̀nwọ́. Wọn ò sì ní mọ̀ títí wọ́n á fi ṣí i. Ó mí kanlẹ̀, ó ní, "Ṣùgbọ́n Ọlọ́run wa..."

"Dákẹ́," mo ní. "Ọ̀rọ̀ tó kàn, tèmi ni."

Ó dákẹ́. Mo wo ọwọ́ mi. Ẹ̀rù bà mí o, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tàn yín pé ẹ̀rù kì í ba àgbà. Nígbà tí mo máa sọ̀rọ̀, mo ní, "Dodo ti ń jóná." Òun náà sáré dìde. Àmọ́ mo sùn lọ́jọ́ yẹn, tí mi ò ti sùn dáadáa láti ọjọ́ tí Pásítọ̀ gbé òróró wá.

Ọjọ́ iṣẹ́ abẹ pé. Dókítà tó máa ṣe é kò tíì ju ọmọ ogójì ọdún lọ, òyìnbó obìnrin ni, ìka rẹ̀ gùn, ó sì ń wojú èèyàn. Mo bi í pé ta ló máa kọ́kọ́ gbọ́ bí ó bá ṣe já sí. Ó ní èmi ni, kò sí ẹlòmíràn. Mo fẹ́ràn rẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Mo ní kó jọ̀wọ́, tí oorun bá ń dá lójú mi, gẹ̀ẹ́sì á ti sá kúrò lórí mi, kó jẹ́ kí ọmọ mi wá sọ ọ́ lédè wa kí ẹnikẹ́ni tó lanu. Ó gbà. Mo yíjú sí Bùsọ́lá. Mo ní, "O mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é." Wọ́n gún abẹ́rẹ́ kan sí mi léjìká, apá náà kú tipiri, wọ́n sì mú mi sùn.

Mo jí. Yàrá funfun, aṣọ ìbora bò mí dé ọrùn. Mi ò gbọ́ apá ọ̀tún mi rárá. Mi ò mọ̀ bóyá oògùn ló pa á ni àbí kò sí níbẹ̀ mọ́. Ẹ̀yin tí ẹ ń gbọ́, ṣé ẹ rò pé mo wò ó? Mi ò lè wò ó. Mo wo àjà bí Ṣítù ṣe wò ó. Ilẹ̀kùn ṣí, Bùsọ́lá wọlé. Ojú rẹ̀ ò sọ nǹkan kan, ojú nọ́ọ̀sì ló gbé wá. Ó fa àga. Ó jókòó. Mo ń wo ọwọ́ rẹ̀, nítorí ibi tí ọwọ́ yẹn bá bà lé, ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ wà. Ọwọ́ rẹ̀ kọjá èjìká mi. Ó kọjá ìgbọ̀nwọ́. Ó wọ abẹ́ ìbora, ó ń sọ̀kalẹ̀, ó sì gbé nǹkan kan jáde sójú ìmọ́lẹ̀. Ọmọ ìka márùn-ún ni. Wọ́n wú, wọ́n pọ́n fún oògùn, tèmi ni wọ́n. Mo rí i tó dì wọ́n mú, mi ò sì gbọ́ ọ lára.

"Dádì, ọwọ́ yín nìyí. Kò di ohunkóhun mú. Wọ́n yọ gbogbo ẹ̀. Apá yín wà."

Ó sì pa ẹnu rẹ̀ dé. Ó fẹ́ kígbe "Halelúyà" bí mo ṣe mọ̀ ọ́n, kò kígbe. Ó ń dúró dè mí.

Mo fẹ́ dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, mo fẹ́ pe orúkọ Ọ̀gá, mo fẹ́ sọ ohun tó tóbi fún un, ara mi fúyẹ́ tó bẹ́ẹ̀ tí mi ò mọ ibi tí mo ti máa bẹ̀rẹ̀. Mo wo ojú rẹ̀, ó ti rù.

Mo ní, "Bùsọ́lá, ṣé o ti jẹun?"

Ó mi orí. Ẹkún àti ẹ̀rín dé pọ̀. "Mi ò tíì jẹun láti àná, Dádì."

"Bísíkíìtì wà nínú àpò ṣòkòtò mi, nínú báàgì yẹn. Mú un."

Ó mú un, ó sì jẹ ẹ́. Mo ń wò ó lẹ́nu títí ó fi gbé e mì.